Ẹ Yé Fi Írẹ́lándì Pa Wá Lẹ́nu Mọ́

Ọ̀rọ̀ kan wà tí mo ti gbọ́ títí tó fi sú mi. Bí ọ̀dọ́ kan bá dìde níbi àpérò àwọn òǹkọ̀wé, tó ní èdè Yorùbá lòun fẹ́ fi kọ ìtàn àròsọ òun, kò ní pẹ́ tí àgbà kan yóò fi rẹ́rìn-ín músẹ́ sí i, tí yóò ní, "Ọmọ mi, wo àwọn ará Írẹ́lándì." Àlàyé yóò wá tẹ̀lé e. Orílẹ̀-èdè kékeré ni. Àwọn Gẹ̀ẹ́sì ṣẹ́gun wọn, wọ́n sì fi èdè Gẹ̀ẹ́sì lé wọn lọ́wọ́. Wọn kò jókòó sunkún. Wọ́n gba èdè ọ̀hún, wọ́n sì mọ̀ ọ́n lò ju ẹni tó ni ín lọ. Lẹ́yìn náà ni kíka orúkọ: Yeats, Shaw, Joyce, Beckett, Heaney. Ẹ̀bùn Nobel mẹ́rin fún lítíréṣọ̀, ní 1923, 1925, 1969 àti 1995, fún orílẹ̀-èdè tí iye èèyàn inú rẹ̀ kò tó ti Èkó nìkan. (Joyce kò gbà á rárá. Ẹ̀gàn àwọn tó ń pín ẹ̀bùn nìyẹn, kì í ṣe tirẹ̀.) Ọmọ náà yóò jókòó. Kí ló tún fẹ́ sọ?

Èmi ní ohun tí mo fẹ́ sọ. N kò sọ pé àwọn orúkọ wọ̀nyẹn kò tóbi. Mo ti ka ìwé wọn, mo sì fẹ́ràn wọn. Ẹjọ́ tèmi ni pé ìdajì ìtàn ni àwọn àgbà wa ń sọ, ìdajì tí wọ́n sì fi sílẹ̀ gan-an ló kàn wá.

Ẹ jẹ́ ká bẹ̀rẹ̀ láti orí "wọ́n gba èdè ọ̀hún". Ẹni tó bá gbọ́ ọ yóò rò pé ọjà ni wọ́n lọ ná. Ní 1831 ni ìjọba dá ilé ẹ̀kọ́ sílẹ̀ káàkiri Írẹ́lándì, èdè Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n sì fi ń kọ́ àwọn ọmọ tó jẹ́ pé èdè Áíríṣì nìkan ni ọ̀pọ̀ nínú wọn gbọ́. Igi kékeré kan wà tí wọ́n máa ń so mọ́ ọmọ lọ́rùn. Ìgbàkígbà tí ọmọ náà bá fi èdè ìyá rẹ̀ sọ̀rọ̀, wọn yóò fi ọ̀bẹ fa ìlà kan sára igi náà. Bí ilẹ̀ bá ṣú, wọn yóò ka ìlà, wọn yóò sì na ọmọ bí ìlà bá ṣe pọ̀ tó. Ohun tó dùn mí jù níbẹ̀ ni pé àwọn òbí pàápàá fọwọ́ sí i, torí wọ́n rí i pé ẹni tó gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì ló ń rí iṣẹ́. N kò nílò kí ẹnikẹ́ni ṣàlàyé igi yẹn fún mi. Pátákó ni wọ́n gbé kọ́ tèmi lọ́rùn nílé ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀, nítorí mo bá ọ̀rẹ́ mi sọ Yorùbá lásìkò ìsinmi, màmá mi ló sì san owó ìtanràn.

Ìyàn ńlá wá dé, láti 1845 sí 1852, nígbà tí àrùn pa ọ̀dùnkún, èyí tí àwọn ìyá ọlọ́jà wa ń pè ní "Áíríṣì" títí dòní. Nǹkan bí mílíọ̀nù kan èèyàn kú. Mílíọ̀nù kan mìíràn wọ ọkọ̀ ojú omi lọ. Ìwọ̀ oòrùn àti gúúsù ni ikú náà ti pọ̀ jù, ibẹ̀ gan-an sì ni èdè Áíríṣì ti fẹsẹ̀ múlẹ̀ jù. Nítorí náà, nígbà tí ẹnìkan bá ń sọ fún mi pé àwọn ará Írẹ́lándì fi ọgbọ́n yan Gẹ̀ẹ́sì, mo máa ń fẹ́ bi í pé àwọn wo ló yàn án: àwọn tó kú ni, àbí àwọn tó wà nínú ọkọ̀?

Ìkejì, adùn tí wọ́n ń yìn nínú Gẹ̀ẹ́sì wọn, níbo ló ti wá? J. M. Synge kọ́ èdè Áíríṣì, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í lọ sí erékùṣù Aran ní 1898, ó ń jókòó ti àwọn apẹja, ó ń gbọ́ bí wọ́n ṣe ń to ọ̀rọ̀. Nígbà tí wọ́n fi eré rẹ̀, The Playboy of the Western World, hàn ní Abbey Theatre ní Dublin ní 1907, inú àwọn òǹwòran ru débi pé wọ́n dá rúkèrúdò sílẹ̀. Gẹ̀ẹ́sì ni eré náà, ṣùgbọ́n ẹni tó bá tẹ́tí sí i yóò gbọ́ pé èdè mìíràn ló ń mí nínú rẹ̀. Lady Gregory náà kọ́ èdè yẹn kó tó máa kọ ìtàn ìgbàanì wọn. Ẹni tó bá ti ka Tutùọlá mọ ohun tí mò ń wí. Ọbẹ̀ dùn, a ń yin àwo. Ìkòkò tí wọ́n fi sè é ńkọ́?

Wàyí o, ẹ jẹ́ kí n dárúkọ ọkùnrin kan tí n kò tíì gbọ́ lẹ́nu àwọn àgbà wa rí. Máirtín Ó Cadhain ni. Wọ́n bí i ní 1906 ní agbègbè Connemara, níbi tí èdè Áíríṣì ti jẹ́ èdè ilé. Olùkọ́ ni, kó tó di pé iṣẹ́ bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀ ní 1936 nítorí pé ó wà nínú ẹgbẹ́ IRA. Nígbà Ogun Àgbáyé Kejì, ìjọba orílẹ̀-èdè tirẹ̀ tì í mọ́ àgọ́ kan ní Curragh fún ọdún mélòó kan. Ní 1949 ni ìwé rẹ̀, Cré na Cille, jáde. Yẹ̀pẹ̀ itẹ́ òkú ni ìtumọ̀ orúkọ náà, òkú sì ni gbogbo ẹni tó wà nínú rẹ̀. Wọ́n sùn sínú ilẹ̀ lábúlé kan, wọn kò sì dákẹ́. Caitríona Pháidín tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ sin ń fẹ́ mọ̀ bóyá ibi olówó gọbọi ni wọ́n sin òun sí, tàbí ibi tó rẹlẹ̀ sí i. Ó ń retí òkúta orí sàréè rẹ̀. Ó ń bú Nell àbúrò rẹ̀ tó ṣì wà láyé. Bí òkú tuntun bá ti wọlẹ̀, gbogbo wọn á sáré bò ó pẹ̀lú ìbéèrè: ta ló kú, ta ló gbéyàwó, ta ló jogún ilẹ̀? Kò sí ohun mìíràn tó ń ṣẹlẹ̀ nínú ìwé náà ju ọ̀rọ̀ ẹnu lọ. Òfófó ni, èébú ni, ìlara ni, ẹ̀rín sì ni. Ẹni tó dàgbà ní agboolé níbi tí orogún mẹ́ta ti ń dáná kò ní í ṣì í mọ̀.

Ìwé tí àwọn tó mọ èdè náà kà sí ọ̀gá nínú gbogbo ìtàn àròsọ Áíríṣì nìyí. Ìgbà wo ló wá dé inú èdè Gẹ̀ẹ́sì? 2015. Ọdún mẹ́rìndínláàádọ́rin lẹ́yìn tó jáde, ọdún márùnlélógójì lẹ́yìn tí ẹni tó kọ ọ́ kú. Àwọn ará Nọ́wè àti Dẹ́ńmáàkì ti kà á ní èdè tiwọn ṣáájú. Bí ẹ bá fẹ́ mọ bí nǹkan ọ̀hún ṣe rí, ẹ fi wé Beckett. Ó parí Waiting for Godot ní 1949 kan náà. Èdè Faransé ló fi kọ ọ́, ohun tí àwọn tó ń fi Beckett bá wa wí kì í sì í sọ nìyẹn: pé ìwé tó sọ ọ́ di olókìkí jù, ẹ̀yìn ló kọ sí Gẹ̀ẹ́sì nígbà tó ń kọ ọ́! Wọ́n ṣe eré náà ní Paris ní 1953. Nígbà tó fi di 1955, wọ́n ti ń ṣe é ní Lọ́ńdọ̀nù ní Gẹ̀ẹ́sì. Ọmọ Írẹ́lándì méjì, ọdún kan náà, kò sí èyí tó lo Gẹ̀ẹ́sì nínú wọn. Ọ̀kan di ti gbogbo ayé láàárín ọdún díẹ̀. Ìkejì dúró ní ẹnu ọ̀nà títí ó fi kú. Ṣé ẹ̀bùn ni Ó Cadhain kò ní ni, tàbí èdè rẹ̀ ni àwọn aláṣẹ ìwé kò kà sí nǹkan?

Kí n má purọ́, ìyà jẹ àwọn tó fi Gẹ̀ẹ́sì kọ̀wé ní Írẹ́lándì náà. Òfin ìfòfinde ìwé jáde ní 1929. Wọ́n fi de The Country Girls tí Edna O'Brien kọ ní 1960. Wọ́n fi de The Dark ti John McGahern ní 1965, iṣẹ́ olùkọ́ sì bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Joyce ṣì wà nínú ilẹ̀ ní Zurich. Lónìí, ọkọ̀ ojú omi àwọn ọmọ ogun orílẹ̀-èdè náà ń jẹ́ James Joyce, òmíràn ń jẹ́ Samuel Beckett. Àwa náà mọ bí wọ́n ṣe ń ṣe òkú tó pè ní gbajúmọ̀. Ṣùgbọ́n nínú gbogbo ìfòfinde yẹn, ọ̀kan ló pa mí lẹ́rìn-ín, tó sì tún bí mi nínú. Ewì àpanilẹ́rìn-ín kan wà láti ọ̀rúndún kejìdínlógún, Cúirt an Mheán Oíche tí Brian Merriman kọ, níbi tí àwọn obìnrin ti pe àwọn ọkùnrin lẹ́jọ́ pé wọn kò mọ iṣẹ́ ọkọ í ṣe. Frank O'Connor túmọ̀ rẹ̀ sí Gẹ̀ẹ́sì. Ní 1946, wọ́n fòfin de ìtumọ̀ náà. Wọn kò fọwọ́ kan ojúlówó rẹ̀ ní èdè Áíríṣì. Ọ̀rọ̀ rírùn kan náà! Wọ́n gbà pé ohun tó bá wà nínú èdè yẹn kò lè ba ẹnikẹ́ni jẹ́, torí lójú tiwọn, kò sẹ́ni tó ń gbọ́ ọ. Òmìnira tí wọ́n fún èdè náà nìyẹn, n kò sì fẹ́ irú rẹ̀ fún tiwa.

Wọn yóò ní, "Ṣé o rí i? Èdè tí kò lóǹkàwé ni." Ìkànìyàn 2022 ní Írẹ́lándì fi hàn pé àwọn tó ní àwọn gbọ́ èdè Áíríṣì lé ní mílíọ̀nù kan àti ẹgbẹ̀rún lọ́nà ẹgbẹ̀rin, ṣùgbọ́n àwọn tó ń sọ ọ́ lójoojúmọ́ lẹ́yìn odi ilé ẹ̀kọ́ kò ju nǹkan bí 72,000 lọ. Ó dára. Èdè tí àwọn èèyàn tó ń sọ ọ́ lójoojúmọ́ kò kún àdúgbò kan ní Ìbàdàn ṣì ní Ó Cadhain. Ó ní Nuala Ní Dhomhnaill, akéwì tó jẹ́ pé èdè Áíríṣì nìkan ló fi ń kéwì. Kí wá ni àwíjàre wa, àwa tí ọlọ́jà, awakọ̀, wòlíì àti olóṣèlú ń fi èdè tiwa pariwo láti àárọ̀ ṣúlẹ̀? Àwọn tí wọ́n fi ń dẹ́rù bà wá pàdánù èdè wọn kí wọ́n tó fi Gẹ̀ẹ́sì ṣe iṣẹ́ ìyanu. Wọ́n wá ń rọ̀ wá pé kí a kọ́kọ́ pàdánù tiwa.

Bí ẹ̀kọ́ kan bá wà tí mo fẹ́ kí a kọ́ lọ́dọ̀ àwọn ará Írẹ́lándì, èyí ni mo mú. Nígbà tí Ní Dhomhnaill kọ ewì rẹ̀, àwọn akéwì tó ń fi Gẹ̀ẹ́sì kọ̀wé ló gbé e jáde fún ayé. Heaney, ẹni Nobel, wà lára àwọn tó túmọ̀ ọ́. Claire Keegan kọ Foster ní Gẹ̀ẹ́sì. Nígbà tí wọ́n fi ṣe fíìmù, èdè Áíríṣì ló pọ̀ jù nínú rẹ̀, An Cailín Ciúin, fíìmù náà sì wà lára àwọn tí wọ́n yàn fún Oscar ní 2023. Ẹnu ọ̀nà méjèèjì ló ṣí. Ní tiwa, Fágúnwà gbé Ògbójú Ọdẹ jáde ní 1938, Ṣóyínká sì túmọ̀ rẹ̀ ní 1968. Ọgbọ̀n ọdún, a sàn díẹ̀ ju wọ́n lọ. Ta ló ti ṣe irú rẹ̀ fún àwọn tó ń kọ Yorùbá lónìí? Àwọn àgbà tó mọ Gẹ̀ẹ́sì bí ẹni mọ orúkọ bàbá rẹ̀, tí wọ́n sì ń gbọ́ Yorùbá ìjìnlẹ̀, iṣẹ́ ń dúró dè wọ́n, kì í sì í ṣe iṣẹ́ kí wọ́n máa ní kí ọmọdé jókòó.

Nítorí náà, ẹni tó bá tún fẹ́ fi Írẹ́lándì bá mi wí, kó kọ́kọ́ dárúkọ ìwé kan ṣoṣo tí ọmọ Írẹ́lándì fi èdè Írẹ́lándì kọ. Mo ti bi mẹ́ta nínú wọn. Méjì yí ọ̀rọ̀ padà. Ẹnì kẹta fún mi ní bírò, ó ní kí n bá òun kọ orúkọ ìwé Ó Cadhain sílẹ̀, mo sì kọ ọ́ fún un pẹ̀lú gbogbo àmì orí rẹ̀.