Ìpẹ̀tẹ̀ Ésáù àti Ìkòkò Wa

Ẹni tí ó bá ti jókòó rí ní ilé-ìwé ọjọ́ ìsinmi mọ ìtàn Ésáù. Ó ti ìgbẹ́ ọdẹ dé, ebi ń pa á, ó sì ta ipò àkọ́bí rẹ̀ fún Jákọ́bù àbúrò rẹ̀ nítorí ìpẹ̀tẹ̀. Ìpẹ̀tẹ̀ náà kò ju ẹ̀wà lọ; lẹ́ńtílì ni, irú ẹ̀wà wẹẹrẹ pẹlẹbẹ kan tí àwọn àgbẹ̀ wa kì í gbìn. Láti ìgbà tí wọ́n ti ń wàásù ìtàn yìí fún wa ni a ti ń fi Ésáù ṣe yẹ̀yẹ́. Èrò tèmi ni pé ó yẹ kí a dẹwọ́ yẹ̀yẹ́ náà. Ésáù ta ogún kí ó lè rí ìpẹ̀tẹ̀ jẹ. Ní tiwa, ìpẹ̀tẹ̀ gan-an ni ogún, òun náà sì ni a ń tà. Nínú àwa àti Ésáù, ta ni ó gọ̀ jù?

Ìpẹ̀tẹ̀ tí mo ń wí ni ẹ̀wà àti ìrẹsì tí a sè pọ̀ nínú ìkòkò kan ṣoṣo, tí omi rẹ̀ ki dáadáa, tí epo pupa, ata, àlùbọ́sà àti irú sì pé sínú rẹ̀. Ó bá gbẹ̀gìrì tan, ó sì bá ìrẹsì ẹlẹ́wà tan. Ibi tí mo fẹ́ gbé ẹjọ́ rẹ̀ kalẹ̀ sí ni agbègbè ìjọba ìbílẹ̀ Adó-Odò/Ọ̀tà ní Ìpínlẹ̀ Ògùn, èyí tí a dá sílẹ̀ ní 1989. Ilẹ̀ Àwórì ni, ilẹ̀ àgbẹ̀ àti ilẹ̀ Gẹ̀lẹ̀dẹ́. Lónìí, ilé iṣẹ́ ńláńlá ni ó gba ibẹ̀ kan, láti Sango dé Agbára. Ẹgbẹẹgbẹ̀rún òṣìṣẹ́ ń jáde nílé kí ilẹ̀ tó mọ́, wọ́n sì ń wọlé nígbà tí àwọn ọmọ ti sùn. Bí oúnjẹ ilé yóò bá kú níbì kan nílẹ̀ Yorùbá, irú ibẹ̀ ni yóò ti kọ́kọ́ kú. Bí yóò bá sì yè, ibẹ̀ náà ni a ó ti mọ̀.

Ẹ̀sùn mẹ́ta ni àwọn ọ̀mọ̀wé, àti àwọn tí ó fẹ́ jọ ọ̀mọ̀wé, máa ń kà sí ẹ̀wà lẹ́sẹ̀. Wọ́n ní oúnjẹ tálákà ni. Wọ́n ní kì í tètè jinná, òṣìṣẹ́ kò sì ráyè. Wọ́n ní oògùn tí àwọn oníṣòwò ń fín sí i ti sọ ọ́ di májèlé. Mo fẹ́ dá wọn lóhùn lọ́kọ̀ọ̀kan, nítorí agbẹ́jọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà ni.

Ta ni ó sọ pé oúnjẹ tálákà ni ẹ̀wà? Kì í ṣe àwọn baba wa. Nígbà tí wọ́n bá ń ṣe àsè ìbejì, ẹ̀wà ni wọ́n ń sè fún àwọn ọmọ àdúgbò. Ẹ̀wà kan náà ni a bó, tí a lọ̀, tí ó di mọ́ínmọ́ín tí a ń gbé ka iwájú àlejò pàtàkì níbi ìgbéyàwó. Òun ni ó di àkàrà. Òun náà ni ó di gbẹ̀gìrì tí ará Ìbàdàn àti ará Ọ̀yọ́ fi ń yangàn. N kò tíì gbọ́ kí ẹnikẹ́ni pe mọ́ínmọ́ín ní oúnjẹ tálákà. Ìgbà tí ẹ̀wà bá wà nínú ìkòkò pẹ̀lú omi rẹ̀ ni wọ́n tó rí ìṣẹ́ lára rẹ̀. Ọ̀pọ̀ wọn kọ́ ìtìjú yìí ní ilé-ìwé tí ọmọ ń gbé inú rẹ̀, níbi tí wọ́n ti ń bu ẹ̀wà olókùúta, ẹ̀wà oníkòkòrò, fún ọmọ olọ́mọ. Ẹ̀bi alásè nìyẹn. Ẹ̀wà kò jẹ̀bi.

Ẹ jẹ́ kí a wo ìta díẹ̀. Ọ̀nà tí ó gba Ọ̀tà kọjá lọ sí Ìdìrókò ni ó ń gbé wa dé orílẹ̀-èdè Bẹ̀nẹ̀. Ní Kútọnu níbẹ̀, atassi ni wọ́n ń pe ìrẹsì àti ẹ̀wà tí a sè pọ̀. Ní Lómé, ayimolou ni. Ní Gánà, waakye ni, orúkọ tí wọ́n yá lọ́wọ́ àwọn Hausa, akọ̀wé báńkì àti awakọ̀ sì jọ ń tò sórí ìlà nítorí rẹ̀. Ní Bràsíìlì, ìrẹsì àti ẹ̀wà ni oúnjẹ ojoojúmọ́ olówó àti tálákà. Àwọn ará Íjíbítì da lẹ́ńtílì àti ìrẹsì pọ̀ mọ́ mákàrónì, wọ́n sọ ọ́ ní koshari, wọ́n sì ń fi í yangàn fún àlejò. Ní Íńdíà, khichri ni ìrẹsì àti lẹ́ńtílì tí a sè pọ̀ títí ó fi rọ̀. Àwọn ará Íńdíà kò sì ṣọ̀wọ́n láàárín àwọn ọ̀gá ilé iṣẹ́ ní Sango-Ọ̀tà. Ohun tí ó ń bí mi nínú nìyí: ẹ̀wà àti ìrẹsì kò bu ọ̀gá kù, ọmọ iṣẹ́ rẹ̀ ni ojú ń tì.

Bẹ́ẹ̀ sì ni ọgbọ́n wà nínú ìdàpọ̀ yìí. Purotéènì tí ó ń mú ara dàgbà ní àwọn èròjà kéékèèké nínú. Èyí tí a ń pè ní lysine kò tó nínú ìrẹsì, ṣùgbọ́n ó pọ̀ nínú ẹ̀wà. Èyí tí a ń pè ní methionine kò tó nínú ẹ̀wà, ìrẹsì sì ní in jù ú lọ. Bí a bá jẹ wọ́n pọ̀, èkíní á dí àléébù èkejì. Méjèèjì kì í sì í ṣe ọ̀ràn òkèèrè fún wa. Ilẹ̀ Áfíríkà ni a ti kọ́kọ́ sọ ẹ̀wà tí à ń jẹ yìí di ohun ọ̀gbìn. IITA, ilé ìwádìí ọ̀gbìn tí a dá sílẹ̀ ní Ìbàdàn ní 1967, tọ́jú irúgbìn ẹ̀wà tí ó ju 15,000 oríṣi lọ. Ọ̀fàdà tí ìrẹsì Ọ̀fàdà ti gba orúkọ, Ìpínlẹ̀ Ògùn yìí kan náà ni ó wà.

Ẹ̀sùn kejì ni ti àìráyè. Òótọ́ wà nínú rẹ̀, ṣùgbọ́n kì í ṣe Ọ̀tà ni irú rẹ̀ ti kọ́kọ́ ṣẹlẹ̀. Ní orílẹ̀-èdè Switzerland, ní nǹkan bí 1880 sí 1890, àwọn obìnrin tí ń ṣiṣẹ́ ní ilé iṣẹ́ kò ráyè dáná bí ó ti yẹ mọ́, oúnjẹ ìdílé wọn sì ń joro. Dókítà kan tí ó tún jẹ́ alábẹ̀wò ilé iṣẹ́, Fridolin Schuler, gbà pé irú ẹ̀wà ni àtúnṣe, nítorí kò wọ́n, ó sì ń ṣe ara lóore. Ẹni tí ó bá a lọ́wọ́ sí i ni Julius Maggi, tí ó ní ilé ìlọyẹ̀fun. Ní 1884, ó bẹ̀rẹ̀ sí í ṣe ìyẹ̀fun ẹ̀wà. Ní 1886, ọbẹ̀ tí a fi irú ìyẹ̀fun bẹ́ẹ̀ ṣe ti dé ọjà. Ọdún 1908 ni kúúbù tó dé. Ẹ fiyè sí i: ẹ̀wà ni Maggi kọ́kọ́ jẹ́, ọbẹ̀ ẹ̀wà fún òṣìṣẹ́ tí kò ráyè! Ilé iṣẹ́ Nestlé, tí Maggi dara pọ̀ mọ́ ní 1947, ní ilé iṣẹ́ kan ní Agbára, nínú ìjọba ìbílẹ̀ tí à ń sọ yìí. Orúkọ Maggi dé ọ̀dọ̀ wa, kúúbù rẹ̀ dé, ẹ̀wà rẹ̀ ni kò bá wọn dé. A gba iyọ̀, a fi oúnjẹ sílẹ̀.

Lẹ́yìn kúúbù ni tálíà oníṣẹ́jú mẹ́ta. Indomie wọ Nàìjíríà ní 1988. Ọ̀tà sì wà lára ibi tí a ti ń ṣe é. Orúkọ náà gbilẹ̀ débi pé irú tálíà bẹ́ẹ̀ tí ilé iṣẹ́ mìíràn bá ṣe, Indomie náà ni à ń pè é. N kò bá ilé iṣẹ́ kankan jà. Ọjà ni wọ́n ń tà. Àwa tí a rà á, tí a sì fi rọ́pò ìkòkò, ni mo ń bá wí. Àlìkámà ni wọ́n fi ń ṣe é, òkè òkun sì ni èyí tí ó pọ̀ jù nínú àlìkámà tí à ń lò ní Nàìjíríà ti ń wá.

Ẹni tí ó bá ní òun kò ráyè, kí ó gbọ́ bí a ti ń se ìpẹ̀tẹ̀ yìí. Ní ọjọ́ ìsinmi, kí ó ṣa ẹ̀wà, kí ó rẹ ẹ́ sómi fún nǹkan bí ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún, kí ó fi ọwọ́ ra á kí èèpo lè bọ́, kí ó da èèpo nù, kí ó sì sá a sóòrùn títí yóò fi gbẹ kan-an. Ẹ̀wà bíbó ọ̀sẹ̀ kan ti délẹ̀ nìyẹn. Ní alẹ́ ọjọ́ iṣẹ́, kí ó bu ife kan nínú rẹ̀ sínú ìkòkò pẹ̀lú ife omi mẹ́fà àti àlùbọ́sà. Bí ó bá ti ń hó, kí ó ṣa òkúta inú ìrẹsì Ọ̀fàdà ìdajì ife, kí ó fọ̀ ọ́, kí ó sì dà á sí i. Nígbà tí méjèèjì bá ń rọ̀, kí ó fi ata lílọ̀, irú, epo pupa ṣíbí méjì, àti edé tàbí ẹja gbígbẹ sí i bí ó bá wà. Iyọ̀ ni ìgbẹ̀yìn. Kí ó wá fi ìjábẹ̀ ja á díẹ̀ kí omi rẹ̀ lè ki. Bí iná bá dára, kò yẹ kí ó ju wákàtí kan lọ, kò sì pọn dandan kí ẹnikẹ́ni dúró tì í. Èyí tí ó bá ṣẹ́kù di oúnjẹ àárọ̀.

Mo sì ní ìbéèrè kan fún àwọn ọkùnrin. Ta ni ó pàṣẹ pé ìyàwó tí ó ti ilé iṣẹ́ dé ní agogo mẹ́jọ alẹ́ nìkan ni ó lè ṣa ẹ̀wà? Jákọ́bù tí ó gba ogún, ṣebí ọkùnrin ni, òun fúnra rẹ̀ ni ó sì se ìpẹ̀tẹ̀ náà. Ìdajì ohun tí à ń pè ní àìráyè, àìpín iṣẹ́ ilé ni.

Ẹ̀sùn kẹta kò ṣeé fọwọ́ rọ́ tì. Ní 2015, Àjọ Ìṣọ̀kan Yúróòpù fòfin de ẹ̀wà gbígbẹ láti Nàìjíríà nítorí dichlorvos, oògùn apakòkòrò tí wọ́n rí nínú rẹ̀ ju bí ó ti yẹ lọ. Ní 2019, NAFDAC fòfin de ìgò kéékèèké oògùn náà tí kò ju 100 mílílítà lọ. Ṣùgbọ́n orí bíbẹ́ kọ́ ni oògùn orí fífọ́. Àpò alápò mẹ́ta wà tí afẹ́fẹ́ kò lè ráyè wọ̀. Bí a bá di ẹ̀wà pa sínú rẹ̀, kòkòrò á kú láìsí oògùn kankan. Àwa òǹrajà ni ó yẹ kí a máa béèrè irú ẹ̀wà bẹ́ẹ̀ ní ọjà Sango àti ọjà Lúsádà. Ẹni tí kò ra ẹ̀wà mọ́ kò lẹ́nu ọ̀rọ̀ lọ́jà ẹ̀wà.

Ẹlòmíràn yóò ní ẹ̀wà ti wọ́n. Bẹ́ẹ̀ ni, ó wọ́n. Ní oṣù Keje 2024, ìjọba àpapọ̀ kéde pé òun yóò yọ owó ibodè kúrò lórí àwọn oúnjẹ kan fún 150 ọjọ́. Ẹ̀wà àti ìrẹsì wà nínú wọn. Orílẹ̀-èdè tí kò sí ẹni tí ó ń gbin ẹ̀wà tó o láyé ni ó ń ṣí ilẹ̀kùn fún ẹ̀wà òkèèrè! Kí ó tó dìgbà náà, ní oṣù Kẹjọ 2019, ìjọba ti ibodè pa, wọ́n ní nítorí ìrẹsì fàyàwọ́. Àwọn ará ọ̀nà Ìdìrókò mọ ohun tí ojú wọn rí. Kí a máa bá ìjọba wí lórí èyí dára. Ṣùgbọ́n ọ̀wọ́n ẹ̀wà gan-an ni ó yẹ kí ó lé wa padà sídìí ìpẹ̀tẹ̀, nítorí ife ẹ̀wà kan tí kò lè yó ènìyàn mẹ́ta lórí àwo gbígbẹ á yó ènìyàn márùn-ún bí omi àti ìrẹsì bá bá a pọ̀. Yorùbá bọ̀, wọ́n ní bí ebi bá kúrò nínú ìṣẹ́, ìṣẹ́ bùṣe.

Olùkọ́ èdè ni mí, n kì í ṣe onímọ̀ oúnjẹ, mo sì ní ìdí tèmi tí mo fi ń jà. Awùjẹ, òtílí, sèsé, fèrègèdè: orúkọ irú ẹ̀wà ni gbogbo wọn, akẹ́kọ̀ọ́ tí ó ń kọ́ Yorùbá ní yunifásítì sì lè má mọ ju ọ̀kan lọ nínú wọn. Bí ó ti rí fún orúkọ ni ó rí fún ọ̀rọ̀ ìṣe. A ń ṣa ẹ̀wà, a ń fẹ́ ẹ, a ń rẹ ẹ́, a ń bó o, a ń ja á. Ọmọ tí kò dúró ti ìkòkò rí kò lè gbọ́ ìyàtọ̀ tí ó wà láàárín wọn, bí a tilẹ̀ kọ wọ́n sí ojú pátákó fún un lẹ́ẹ̀mẹwàá. Páálí tálíà kò ní ju ‘da omi gbígbóná sí i’ lọ láti kọ́ ọ.

Nítorí náà, ohun tí mo ń béèrè kò pọ̀. Kí àwọn ilé iṣẹ́ tí ń bọ́ òṣìṣẹ́ wọn ní ọ̀sán ní Ọ̀tà àti Agbára máa se ìpẹ̀tẹ̀ yìí lẹ́ẹ̀mejì lọ́sẹ̀, kí ọ̀gá sì jẹ nínú rẹ̀. Kí olùkọ́ tí ń kọ́ ọmọ ní orúkọ oúnjẹ gbé ẹ̀wà àti ìjábẹ̀ wọ kíláàsì. Kí baba àti ìyá jọ jókòó ti àtẹ ẹ̀wà ní ọ̀sán ọjọ́ ìsinmi, kí wọ́n pe ọmọ wọn mọ́ra, kí wọ́n jọ ṣà á. Bí a kò bá ṣe èyí, ẹ jẹ́ kí a fi Ésáù lọ́rùn sílẹ̀. Òun ta ogún tirẹ̀, ó sì rí ìpẹ̀tẹ̀ jẹ yó.