Ta Ló Túmọ̀ Ìdájọ́ fún Ará Ìkirè?

Ẹ jọ̀ọ́, kí ni ìyàtọ̀ tó wà láàárín Ìpínlẹ̀ Ọ̀ṣun àti Ìpínlẹ̀ Ọ̀ṣun? Ẹ má tíì rẹ́rìn-ín. Ìjọba Arẹ́gbẹ́ṣọlá ní a ò gbọdọ̀ pè é ní Osun State mọ́, State of Osun ni. Wọ́n fi òfin 2012 tì í lẹ́yìn. Ní 2017, ilé ẹjọ́ gíga kan ní àyípadà náà kò bófin mu. Nígbà tí Adélékè di gómìnà ní oṣù kọkànlá 2022, ó ní ká padà sí Osun State; àwọn aṣòfin ní rárá o, òfin àwọn ṣì wà níbẹ̀. Gbogbo ariwo yẹn, ní èdè tí ìyá tó ń dín dòdò ní Ìkirè ń sọ, kò tilẹ̀ ní ìtumọ̀. Ìpínlẹ̀ Ọ̀ṣun náà ni, tẹ́lẹ̀ àti nísinsìnyí.

Ìyẹn ṣì pa wá lẹ́rìn-ín. Èyí tó tẹ̀ lé e kò pa ẹnikẹ́ni lẹ́rìn-ín.

Ní oṣù kẹwàá 2022, nígbà ìjọba Oyètọ́lá, wọ́n dìbò ìjọba ìbílẹ̀. Kí oṣù kọkànlá tó parí, ilé ẹjọ́ ti fagi lé e. Ní ọjọ́ 10 oṣù kejì 2025, Ilé Ẹjọ́ Kòtẹ́milọ́rùn da ìdájọ́ yẹn nù. APC ní àwọn alága àwọn ti padà sípò nìyẹn, agbẹjọ́rò àgbà ìjọba àpapọ̀, Lateef Fágbèmí, sì gbà bẹ́ẹ̀. PDP ní ẹjọ́ ni wọ́n dà nù, wọn ò dá ẹnikẹ́ni padà, ìdájọ́ mìíràn tó fagi lé ìbò náà sì ṣì dúró. Dà nù, dá padà: ohun tí wọ́n ń fà mọ́ ara wọn lọ́wọ́ ò ju ìyẹn lọ.

Ọjọ́ keje lẹ́yìn náà, ní Mọ́ńdè, wọ́n pa Aderemi Abass, ẹni tí APC mọ̀ sí alága Irewọlé, tí olú ìlú rẹ̀ jẹ́ Ìkirè. Àwọn mìíràn náà kú ní ìpínlẹ̀ wa lọ́jọ́ yẹn. Ẹgbẹ́ kọ̀ọ̀kan ń nàka sí èkejì. Ìjọba ìbílẹ̀ tó ń jẹ́ Irewọlé nìyẹn o! Ti Àpòmù tó múlé tì í, Ìṣọ̀kan ló ń jẹ́. Lẹ́yìn náà, sẹkitéríàtì di títì pa, òṣìṣẹ́ jókòó sílé fún ọ̀pọ̀ oṣù, Àbújá sì di owó ìjọba ìbílẹ̀ mú.

Àpòmù kọ́ ló máa kọ́kọ́ gbọ́ irú èyí lónìí. Samuel Johnson kọ ọ́ sílẹ̀ pé ìjà lórí iye ataare tí wọ́n kà ní ọjà Àpòmù wà lára ohun tó bí ogun tó fọ́ Òwu. Ataare tiẹ̀ sàn, èèyàn lè dà á sílẹ̀ kó tún un kà lójú gbogbo ọjà. Ìdájọ́ tó wà ní Gẹ̀ẹ́sì àwọn lọ́yà, ta ló fẹ́ tú u sílẹ̀ ká jọ kà á?

Ẹ má sọ fún mi pé òfin kò gbà á. Abala 97 ìwé òfin 1999 gba ilé aṣòfin ìpínlẹ̀ láàyè láti fi èdè ìbílẹ̀ kún Gẹ̀ẹ́sì bí wọ́n bá ti fohùn ṣọ̀kan lé e. Abala 36 ní kí wọ́n sọ ẹ̀sùn fún ẹni tí wọ́n bá gbé lọ sí kóòtù ní èdè tó yé e. Ẹni tó jí adìyẹ ní ẹ̀tọ́ yẹn, odidi ìlú Ìkirè kò ní in.

Ẹnìkan á ní àwọn olóṣèlú mọ ìtumọ̀ ọ̀hún dáadáa, wọ́n kàn ń díbọ́n ni. Mo gbà, jàre. Ṣùgbọ́n kì í ṣe àwọn olóṣèlú nìkan ló ń dúró lẹ́nu géètì sẹkitéríàtì. Ìdájọ́ yòówù tó bá kan ipò alága, kí ilé ẹjọ́ kọ ojú ewé kan ní Yorùbá lọ́jọ́ náà gan-an, kí wọ́n kà á lórí rédíò: ta ló wọlé, ta ló jáde, láti ọjọ́ wo. Láàárín ọjọ́ 10 sí ọjọ́ 17, odidi ọ̀sẹ̀ kan ni wọ́n ní láti fi ṣe é.