Ìtàn Tí A Gé Nírù: Àríwísí lórí Ìrìn Afẹ́ ní Olú-Ìlú Jámánì

Àwọn àgbà bọ̀, wọ́n ní òtítọ́ dọ́jà ó kùtà, owó lọ́wọ́ ni a ń ra èké. Ẹni tó bá fẹ́ rí bí òwe yìí ti ń ṣiṣẹ́, kí ó lọ wo ọjà tí a ti ń ta ìtàn fún àwọn arìnrìn-àjò afẹ́. Ní Berlin tí í ṣe olú-ìlú Jámánì, àwọn amọ̀nà a máa kó àlejò rìn káàkiri àdúgbò Schöneberg, wọn a sì máa pa ìtàn àwọn ọkùnrin tí ń fẹ́ ọkùnrin fún wọn, àti ti àwọn obìnrin tí ń fẹ́ obìnrin, àti ti àwọn tí a bí ní akọ tí wọ́n gbé ayé bí abo, tàbí tí a bí ní abo tí wọ́n gbé ayé bí akọ. Iṣẹ́ tó nílárí ni. Àwọn amọ̀nà tó mọ iṣẹ́ náà dunjú wà, n kò sì bá wọn wíjọ́. Irú ìtàn kan tó yá tà ni mo ń bá jà, èyí tí a gé nírù, tó sì jẹ́ pé inú ìrù tí a gé sọnù gan-an ni ẹ̀kọ́ wà.

Irú ìtàn náà nìyí. Amọ̀nà yóò dúró ní Motzstraße, níbi tí ilé ijó òru tí ń jẹ́ Eldorado wà rí. Yóò sọ bí orin ti ń dún níbẹ̀ ní àwọn ọdún tó ṣáájú 1933, bí àwọn ọkùnrin ti ń wọ aṣọ obìnrin jó, bí àwọn àlejò ti ń ti òkè òkun wá wòran. Yóò mú wọn dé ojúlé 17 ní Nollendorfstraße, níbi tí òǹkọ̀wé ọmọ Gẹ̀ẹ́sì nì, Christopher Isherwood, gbé, ẹni tó jẹ́ pé láti inú ìwé rẹ̀ ni fíìmù Cabaret ti 1972 ti ṣẹ̀ wá. Lẹ́yìn èyí ni Hitler dé. Àwọn ọmọ ogun rẹ̀ gba ilé Eldorado, wọ́n sì fi àsíá wọn kọ́ sí abẹ́ orúkọ ilé ijó náà. Amọ̀nà a dákẹ́ díẹ̀, a mí kanlẹ̀, a sì nawọ́ sí àsíá aláwọ̀ òṣùmàrè tó wà ní iwájú àwọn ilé ọtí òde òní. Ìtàn parí. Ayọ̀ wà lókè, ayọ̀ wà nísàlẹ̀, Hitler nìkan ni ẹ̀gún àárín.

Ìtàn yìí dùn, ṣùgbọ́n ó ṣini lọ́nà lẹ́ẹ̀mẹ́ta.

Lọ́nà kìíní, ibi tó ti bẹ̀rẹ̀ kò tọ́. Kí Eldorado tó di ibi ìran, ìwé àti ìmọ̀ ti wà níbẹ̀. Ní 1897, Magnus Hirschfeld, oníṣègùn ọmọ Júù tí a bí ní 1868, àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ dá ìgbìmọ̀ kan sílẹ̀ ní Berlin láti máa kọ̀wé ẹ̀bẹ̀ sí àwọn aṣòfin pé kí wọ́n pa òfin tó sọ ìfẹ́ láàrin ọkùnrin méjì di ẹ̀ṣẹ̀ rẹ́. Ní 1919, ó dá ilé ìwádìí kan sílẹ̀ nípa ìbálòpọ̀ ẹ̀dá, ní ẹ̀gbẹ́ ọgbà ńlá tí ń jẹ́ Tiergarten. Àwọn ènìyàn ń gba ìtọ́jú àti ìmọ̀ràn níbẹ̀, wọ́n ń gbọ́ ìdánilẹ́kọ̀ọ́, ilé ìkàwé ńlá sì wà níbẹ̀. Ní ọjọ́ 6 oṣù Karùn-ún, 1933, wọ́n ya wọ ilé náà, wọ́n kó o. Ní ọjọ́ 10 oṣù kan náà, wọ́n sun ìwé rẹ̀ mọ́ àwọn ìwé mìíràn ní ojúde Opernplatz, Goebbels sì sọ̀rọ̀ níbẹ̀.

Ta ni ó ya wọ ilé náà? Ẹ̀yin olùkọ́ ẹlẹgbẹ́ mi, ẹ má jẹ́ kí ọ̀rọ̀ yìí fò yín dá: àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ilé ẹ̀kọ́ gíga ni wọ́n ṣáájú. Àwọn tí a rán lọ kàwé ni wọ́n sun ìwé. Hirschfeld kò sí nílé ní ọjọ́ náà; ó ti jáde lọ láti 1930, kò sì padà mọ́ títí ó fi kú ní Nice ní ilẹ̀ Faransé ní 1935, ní ọjọ́ tó pé ọmọ ọdún 67. Lónìí, Bebelplatz ni wọ́n ń pe ojúde náà. Láti 1995 ni iṣẹ́ ọnà Micha Ullman ti wà ní abẹ́ ilẹ̀ rẹ̀: gíláàsì ni a fi bò ó, bí ènìyàn bá sì bẹjú wò ó, pẹpẹ ìwé funfun ni yóò rí, tó lè gba 20,000 ìwé, tí ẹyọ kan kò sì sí lórí rẹ̀. Ibẹ̀ jìnnà díẹ̀ sí Schöneberg. Nítorí náà, ìrìn tí kò bá kúrò ní àdúgbò ilé ijó yóò fi yé àlejò pé fàájì ni àwọn ènìyàn wọ̀nyí fi ayé wọn ṣe, yóò sì fi ìmọ̀ wọn sílẹ̀ fún ìrìn mìíràn láti sọ, tàbí láti má sọ.

Lọ́nà kejì, ibi tó parí sí kò tọ́, èyí ló sì burú jù. Hitler kọ́ ló ṣe òfin náà. Ìpín 175 ti wà nínú ìwé òfin Jámánì láti 1872, ọdún 17 kí a tó bí Hitler. Abẹ́ òfin yẹn kan náà ni ijó Eldorado ti wáyé. Ojú àánú àwọn ọlọ́pàá ni wọ́n ń wò. Ní 1935, ìjọba Násì mú òfin náà le ju ti àtẹ̀yìnwá lọ. Láàrin ìgbà ìjọba wọn, nǹkan bí 50,000 ọkùnrin ni ilé ẹjọ́ dá lẹ́bi. Àwọn òpìtàn fojú bù ú pé láàrin 5,000 sí 15,000 ni wọ́n kó lọ sí àgọ́ ìfìyàjẹni, níbi tí wọ́n ti ń rán aṣọ onígun mẹ́ta aláwọ̀ píńkì mọ́ wọn láyà. Púpọ̀ nínú wọn kú síbẹ̀.

Ogun parí ní 1945. Àwọn àgọ́ ṣí. Ẹ wá gbọ́ ohun tí ìtàn tó yá tà kì í sọ. Ní Ìwọ̀-Oòrùn Jámánì, òfin 1935 náà dúró bí àwọn Násì ti kọ ọ́, láìyọ ọ̀rọ̀ kan, títí di 1969. Ní ọjọ́ 10 oṣù Karùn-ún, 1957, ọdún 24 géérégé lẹ́yìn iná Opernplatz, ilé ẹjọ́ tó ń dáàbò bo òfin ìpìlẹ̀ ilẹ̀ náà dájọ́ pé òfin ọ̀hún kò lòdì sí ẹ̀tọ́ ẹnikẹ́ni. Láti ìgbà tí ogun parí títí di 1969, nǹkan bí 50,000 ọkùnrin mìíràn ni a tún dá lẹ́bi. Ní Ìlà-Oòrùn Jámánì, wọ́n padà sí òfin àtijọ́ ní 1950, wọ́n sì yí i padà ní 1968. Ọdún 1994 ni Ìpín 175 tó kúrò nínú ìwé òfin pátápátá. Ọdún 2002 ni ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin tó fagi lé ẹjọ́ tí wọ́n dá nígbà Násì. 2017 ni wọ́n tó fagi lé èyí tí wọ́n dá lẹ́yìn ogun. Owó gbà-máà-bínú tí wọ́n yàn jẹ́ 3,000 yúrò fún ẹjọ́ kan, àti 1,500 fún ọdún kọ̀ọ̀kan tí ẹni náà lò lẹ́wọ̀n. Ọkùnrin tó jẹ́ ọmọ 20 ọdún nígbà ìdájọ́ 1957 ti di arúgbó 80 ọdún kí orúkọ rẹ̀ tó mọ́. Mélòó ni ó ṣẹ́kù láyé láti gbọ́ ọ?

Àwọn kan yóò wí pé wákàtí méjì péré ni ìrìn náà, pé ẹsẹ̀ ń dun àlejò, pé ẹni tó sanwó wá gbafẹ́ kò fẹ́ gbọ́ nípa òfin. Èsì mi kò gùn. Ní ibùdókọ̀ ojú irin ní Nollendorfplatz, òkúta onígun mẹ́ta kan wà lára ògiri láti 1989. Ohun tí a kọ sí i ń sọ pé a lu àwọn ènìyàn wọ̀nyí pa, a sì tún fi ìdákẹ́jẹ́ pa wọ́n. Gbogbo ìrìn Schöneberg ló ń gba ẹ̀gbẹ́ ibẹ̀ kọjá. Ìṣẹ́jú kan péré ni yóò gbà láti dúró níwájú rẹ̀ kí a sì wí pé: òfin tó pa wọ́n kò kú pẹ̀lú ẹni tó lò ó. Amọ̀nà tó bá ní àyè láti sọ iye ìgò ọtí tí wọ́n mu ní Eldorado, tí kò sì ní àyè fún gbólóhùn yìí, àìráyè kọ́ ló ṣe é. Arọ́kin tó bá fo ìgbà ọba kan nítorí pé ìgbà náà kò tu ìlú lára kò yàtọ̀ sí i.

Lọ́nà kẹta, ìtàn náà gbàgbé àwọn obìnrin. Nítorí pé Ìpín 175 kò dárúkọ wọn, àwọn kan rò pé ohunkóhun kò ṣe wọ́n. Bẹ́ẹ̀ àwọn obìnrin ní ẹgbẹ́ tiwọn ní Berlin, wọ́n sì ní ìwé ìròyìn. Die Freundin jáde láti 1924 títí di 1933, kí wọ́n tó pa á lẹ́nu mọ́. Nígbà tí a ṣí ohun ìrántí kan ní Tiergarten ní 2008, ọkùnrin méjì nìkan ni fíìmù inú rẹ̀ kọ́kọ́ fi hàn; àríyànjiyàn ló mú kí a fi ti àwọn obìnrin kún un. Ohun tí òfin kò dárúkọ lè jìyà. Ẹni tó bá fi ìwé òfin nìkan wá ìtàn yóò pàdánù ìdajì rẹ̀.

Bí ẹnìkan bá bi mí pé kí ló kan olùkọ́ Yorùbá nínú ọ̀rọ̀ Berlin, kí ó wo èèpo ẹ̀yìn ìwé Farbe bekennen tó jáde ní 1986, ìwé tí àwọn obìnrin aláwọ̀ dúdú ní Jámánì fi sọ ìtàn ara wọn. Yóò rí orúkọ Oguntoye níbẹ̀. Katharina Oguntoye ni, òpìtàn tí bàbá rẹ̀ jẹ́ ọmọ Nàìjíríà, tí Berlin sì fún ní ẹ̀bùn ní 2020 fún iṣẹ́ tó ṣe kí àwọn obìnrin tí ń fẹ́ obìnrin má bàa fara pamọ́. Audre Lorde, akéwì Amẹ́ríkà tó wá kọ́ni ní Berlin ní 1984, ló gbà wọ́n níyànjú láti kọ ọ́. Òun náà ti dárúkọ àwọn òrìṣà wa nínú ìwé ewì rẹ̀, The Black Unicorn, ti 1978. Akẹ́kọ̀ọ́ wa tó bá mọ ìtumọ̀ Ògúntóyè, tí kò sì mọ ẹni tó ń jẹ́ ẹ, kò tíì mọ orúkọ náà tán.

Ọ̀rọ̀ yìí kan èdè wa pẹ̀lú. Bí akẹ́kọ̀ọ́ bá fẹ́ túmọ̀ irú ìtàn yìí sí Yorùbá, èébú ni ọ̀rọ̀ tó máa ń kọ́kọ́ sá wá sí i lẹ́nu. Kí olùkọ́ má gbà á. “Ọkùnrin tó ń fẹ́ ọkùnrin,” “obìnrin tó ń fẹ́ obìnrin”: èdè wa ní ọ̀rọ̀ tó mọ́, tó yé tọmọdé tàgbà, tí kò sì dájọ́ kó tó ròyìn. Ẹnikẹ́ni lè ní èrò tirẹ̀ nípa ìwà ẹ̀dá, ṣùgbọ́n 1957 kò ní èrò, bẹ́ẹ̀ ni 1994 kò ní. Agbẹ́jọ́-ẹnìkan-dá ni àwọn àgbà wa ń pè ní òṣìkà.

Nítorí náà, ohun tí mo ń béèrè kò pọ̀. Kí amọ̀nà bẹ̀rẹ̀ níbi tí àwọn ìwé wà, kí ó má ṣe dúró ní 1945, kí ó sì dárúkọ àwọn obìnrin. Kí olùkọ́ béèrè ohun kan náà lọ́wọ́ akẹ́kọ̀ọ́ tó bá kọ àròkọ lórí ìtàn èyíkéyìí: níbo lo ti bẹ̀rẹ̀, níbo lo parí sí, ta ni o fò? Kí ó sì fún ẹni tó bá gé ìtàn nírù ní ìdajì máàkì, bó ti wù kí èdè rẹ̀ dùn tó.