Omi Tiwa Náà Lórin Nínú

Ní Sátidé, mo máa ń wọ mọ́tò láti Ìbàdàn lọ sí Lálúpọn láti kọ́ àwọn ọmọdé mẹ́rin ní píánò. Kí n má parọ́, kíbọ́ọ̀dù ṣọ́ọ̀ṣì ni, kò sì ní pẹ́dáàlì. Lọ́sẹ̀ tó kọjá, òjò ń pariwo lórí páànù débi pé a kò gbọ́ ara wa mọ́. Mo ní kí ọmọ ọdún mẹ́sàn-án kan fi bọ́tìnnì dúdú nìkan ṣe òjò náà. Ó kọ́kọ́ ń fi ìka kan kán an, tó, tó, kó tó wá fi ọwọ́ méjèèjì dà á sílẹ̀. Láti oṣù mẹ́ta, n kò rí i kó tẹ́tí sí ohun tó ń tẹ̀ bẹ́ẹ̀ rí. Ló bá bi mí pé, “Bọ̀dá, ṣé ó wà nínú ìwé yín?” Mo ní rárá. Ló bá gbọ́wọ́ kúrò.

Èrò mi ni pé àwa tí à ń kọ́ orin ní yunifásítì ló yẹ ká kọ ìwé náà. Ní kíláàsì, omi àwọn ará Faransé la mọ̀: Jeux d'eau ti Ravel, 1901, àti Reflets dans l'eau ti Debussy, 1905. Wọ́n dùn, ṣùgbọ́n ọwọ́ ọmọdé kò lè ká wọn. Akin Euba tó gbé èrò “African pianism” kalẹ̀ kọ Scenes from Traditional Life ní 1970. Ìyẹn náà kì í ṣe ti ọmọdé. Ní Hungary, Bartók rántí àwọn ọmọdé: orin 153 ló wà nínú Mikrokosmos, láti orí èyí tó rọrùn jù.

Àwọn kan á ní kí ọmọ kọ́kọ́ mọ skéèlì. Ó dáa. Ṣùgbọ́n bọ́tìnnì dúdú márùn-ún kì í bára wọn jà, ọ̀pọ̀ orin ilẹ̀ wa kò sì ju ohùn márùn-ún lọ. Debussy pàápàá lò ó. Bí a bá so pẹ́dáàlì kékeré mọ́ kíbọ́ọ̀dù, tí ohùn kan ń wọnú èkejì, omi dé nìyẹn. Ọmọ á kọ́ etí àti ọwọ́ jẹ́jẹ́ kó tó kọ́ eré sísá.

Ẹ̀yin ẹlẹgbẹ́ mi, Odò Ọ̀ṣun tí wọ́n sé ní Aséjìre ń bọ́ sẹ́nu Ìbàdàn lójoojúmọ́. Ẹ jẹ́ kí ẹnì kọ̀ọ̀kan wa kọ ojú ìwé kan péré nípa omi tó mọ̀, kí n lè mú un lọ sí Lálúpọn, kí n sì sọ fún ọmọ yẹn pé ó ti wà nínú ìwé.