Òṣìṣẹ́ Inú Ẹ̀gẹ́

Lọ́dún 2024, UNESCO ka ọgbọ́n ṣíṣe attiéké ilẹ̀ Côte d'Ivoire mọ́ àṣà tó jẹ́ ogún aráyé. Ẹ̀yin ìyá tó ń ṣe é l'Abidjan, ẹ mọ bí a ti ń ṣe é. Ẹ jẹ́ ká wo ìdí rẹ̀.

Ẹ́ńsáìmù ni òṣìṣẹ́ kékeré inú gbogbo ohun abẹ̀mí. Ó ń mú kí nǹkan yí padà kíákíá, síbẹ̀ òun fúnra rẹ̀ kì í tán. Ọ̀kan wà nínú ẹ̀gẹ́ tó ń jẹ́ linamarase. Linamarin, tí májèlé sáyánáìdì fara pamọ́ sí, wà níbẹ̀ pẹ̀lú, ṣùgbọ́n yàrá wọn yàtọ̀. Bí a bá rin ẹ̀gẹ́, ògiri àárín wọn á wó, linamarase á já linamarin, sáyánáìdì á sì tú jáde. Bí a bá fi í sílẹ̀ mọ́jú kó kan, tí a fún omi rẹ̀ dànù, tí a sì fi ooru omi sè é, májèlé á bá omi àti afẹ́fẹ́ lọ.

Ṣùgbọ́n iná ń pa ẹ́ńsáìmù. Ẹni tó bá kánjú gbé ẹ̀gẹ́ kíkorò ka iná láì rin ín, òṣìṣẹ́ ló pa, májèlé ló fi sílẹ̀. Ẹ fún òṣìṣẹ́ yìí láyè kó ṣiṣẹ́ rẹ̀ tán, nítorí àwọn ọmọ tó ń jẹun nílé.