Ẹni Tó Bá Borí Là Ń Lé

Ẹ̀yin èèyàn mi, ẹ jẹ́ ká bá ara wa sòótọ́ ọ̀rọ̀. Ẹ wọ ilé ìwòran bọ́ọ̀lù èyíkéyìí n'Íkòròdú lọ́jọ́ Sátidé, kí ẹ béèrè Frank Lampard. Ọmọ tí kò tíì hu irùngbọ̀n á ro ìtàn ẹ̀ fún yín látòkèdélẹ̀. Ẹ wá béèrè ohun tí Stephen Keshi ṣe ní Togo. Kẹ́kẹ́ á pa mọ́ wọn lẹ́nu.

Àwọn méjèèjì ló gbá bọ́ọ̀lù títí wọ́n fi di akọ́nimọ̀ọ́gbá. Chelsea lé Lampard ní 2021. Everton gbà á ní 2022, wọ́n lé e ní 2023. Lọ́dún yẹn kan náà, Chelsea tún pè é padà fúngbà díẹ̀. Ní 2024, Coventry fún un níṣẹ́. Mi ò bínú o. Òyìnbó mọ̀ pé ẹni tó ṣubú lónìí lè dìde lọ́la.

Keshi ńkọ́? Òun ni balógun Super Eagles tó gba ife Áfíríkà ní 1994. Ó kọ́ Togo títí wọ́n fi yege fún Ife Àgbáyé 2006, ìgbà àkọ́kọ́ nínú ìtàn wọn. Kí ìdíje ọ̀hún tó bẹ̀rẹ̀, wọ́n gbaṣẹ́ lọ́wọ́ ẹ̀, wọ́n gbé e fún Otto Pfister, ará Jámánì. Togo gbá mẹ́ta, wọ́n pàdánù mẹ́tẹ̀ẹ̀ta.

Ẹ má fi Togo rẹ́rìn-ín, ilé tiwa náà ń jò. Ẹ̀ẹ̀mejì ni Shuaibu Amodu bá wa yege fún Ife Àgbáyé, ẹ̀ẹ̀mejì la lé e kó tó débẹ̀. Ní 2002, Adegboye Onigbinde ló kó ikọ̀ lọ. Ní 2010, Lars Lagerbäck, ará Sweden. Ìgbà méjèèjì, ipò kẹta ni Amodu gbà fún wa nínú ife Áfíríkà kí wọ́n tó lé e. Ìgbà méjèèjì, máàkì kan ṣoṣo la rí mú bọ̀ láti Ife Àgbáyé.

Ẹ ó ní òyìnbó ló mọṣẹ́, ṣebí Westerhof ló gba ife 1994? Òótọ́ ni. Àmọ́ láti 1989 la ti fún un láyè. Ọmọ ilé wo la tíì fún ní ọdún márùn-ún lẹ́ẹ̀kan? Keshi yìí kan náà ló gba ife ọ̀hún padà wá ní 2013. Nígbà tí òun àti Amodu kú lọ́sẹ̀ kan náà, ní oṣù kẹfà 2016, a sunkún, a kì wọ́n lóríkì. Àpọ́nlé ẹ̀yìn ikú!

Láti Ìkòròdú dé Ẹ̀pẹ́, ẹ ó rí àwọn ọkùnrin tó so fèrè mọ́rùn, tí wọ́n ń kọ́ àwọn ọmọ wa lórí pápá eléruku. Ikorodu City gòkè sí líìgì àgbà ní 2024. Kí wá ni ká ní kí àwọn olùkọ́ yìí máa retí? Kí wọ́n kọ́lé tán, kí àlejò wá gbébẹ̀?

Ohun a bá ní là ń náání. Ọmọ aṣẹ́gità ń náání èèpo igi. Ẹ jẹ́ kí ọmọ ilé parí iṣẹ́ tó bẹ̀rẹ̀.