Ẹ Má Jẹ́ Kí Ìrẹsì Nìkan Wọ Ìkòkò

Ọ̀rọ̀ ìkòkò oúnjẹ ni mo fẹ́ bá yín sọ lónìí. Ẹ má ṣe rò pé ọ̀rọ̀ àwọn obìnrin nìkan ni. Ó kan bàbá tí ń fún ìyàwó rẹ̀ lówó oúnjẹ, ó sì kan gbogbo àwa tí à ń pín nǹkan fún àwọn aláìní ní orúkọ ìjọ.

Ní oṣù Kínní, lẹ́yìn ọdún Kérésìmesì, èmi àti àwọn méjì nínú ẹgbẹ́ wa lọ bẹ opó kan wò ní abúlé kan lẹ́yìn Lálúpọn. A ti gbé ìrẹsì fún un ní ọ̀sẹ̀ ọdún, inú wa sì dùn pé ìrẹsì náà kò tíì tán. A bá àwọn ọmọ mẹ́ta nídìí abọ́. Ìrẹsì funfun ni wọ́n ń jẹ, ata lílọ̀ àti epo díẹ̀ ni wọ́n fi jẹ ẹ́. A ti ń dúpẹ́ lọ́wọ́ Olúwa kí ojú mi tó bọ́ sára èyí tí ó kéré jù nínú wọn. Ó ti lé ní ọmọ ọdún méjì. Irun rẹ̀ ti ń pọ́n, ó sì fẹ́lẹ́. Ẹsẹ̀ rẹ̀ méjèèjì wú. Kò bá àwọn ẹ̀gbọ́n rẹ̀ du oúnjẹ rárá, ó kàn jókòó ni.

Mo bi ìyá wọn pé, "Ìyá Ìbejì, ẹ̀wà ńkọ́? Ṣé ẹ kì í sè é mọ́ ni?"

Ó ní, "Bàbá, ẹ̀wà ti kúrò lọ́wọ́ tálákà o. Kó tó jiná, igi á ti tán. Ìrẹsì tí ẹ gbé wá yẹn la ń jẹ láàárọ̀, òun náà la ń jẹ lálẹ́. Ẹ ṣeun o, Olúwa á san án fún yín."

Ọpẹ́ yẹn dùn mí ju èébú lọ. Ìrẹsì tó wà nínú abọ́ ọmọ náà, àwa ni a gbé e wá. Àwa náà ni a kò fi ohunkóhun tì í lẹ́yìn. Ní ọjọ́ kejì a gbé ọmọ náà lọ sí ilé ìwòsàn, ó pẹ́ díẹ̀ kí ara rẹ̀ tó yá. Ẹnikẹ́ni tí ó bá rí ọmọ tí ó rí báyìí, kí ó má ṣe dúró se oúnjẹ kankan ná. Ilé ìwòsàn ni kí ó kọ́kọ́ gbé e lọ. Ọ̀rọ̀ tí mo fẹ́ sọ jẹ́ ti bí a kò ṣe ní í jẹ́ kí ọmọ dé ibẹ̀.

Àwọn àgbà ní, bí ebi bá kúrò nínú ìṣẹ́, ìṣẹ́ bùṣe. Òtítọ́ ni. Ṣùgbọ́n ebi kan wà tí kì í pariwo. Inú ọmọ á kún, ara rẹ̀ á sì máa wá oúnjẹ síbẹ̀. Ní ọdún 1935, dókítà obìnrin kan, Cicely Williams, tí ó ń tọ́jú àwọn ọmọdé ní Gold Coast, ìyẹn Gánà òde òní, kọ̀wé nípa àìsàn yìí, ó sì fi orúkọ tí àwọn ará Gáà ń pè é pè é: kwashiorkor. Orúkọ náà jẹ́ ti ọmọ tí àbúrò rẹ̀ ti gba ọmú mọ́ ọn lẹ́nu. Ohun tí ó ṣàkíyèsí ni pé oúnjẹ àgbàdo nìkan ni wọ́n fi ń bọ́ irú àwọn ọmọ bẹ́ẹ̀. Ẹ wo ẹ̀kọ tí àwa náà fi ń já ọmọ lẹ́nu ọmú, tí a kò fi nǹkan kan kún un.

Ìrẹsì àti ẹ̀kọ ń fún ni lágbára láti rìn. Ẹ̀wà ní èròjà tí ń kọ́ ara, èyí tí wọ́n ń pè ní purotéènì nílé ẹ̀kọ́. Nínú 100 gíráàmù ẹ̀wà gbígbẹ, èròjà yìí tó bíi gíráàmù 23. Nínú ìrẹsì, bíi 7 péré ni. Bí a bá sì pa méjèèjì pọ̀, wọ́n ń ran ara wọn lọ́wọ́, nítorí ohun tí ó dín nínú ìrẹsì pọ̀ nínú ẹ̀wà, èyí tí ó dín nínú ẹ̀wà sì wà nínú ìrẹsì. Àwọn ará Íńdíà àti àwọn ará Íjíbítì ti mọ èyí tipẹ́. Lẹ́ńtìlì, ẹ̀wà wẹ́wẹ́ kan, ni wọ́n ń sè pọ̀ mọ́ ìrẹsì. Irú lẹ́ńtìlì yìí náà ni Jákọ́bù sè, tí Ésáù fi ogún ìbí rẹ̀ rà nígbà tí ebi ń pa á.

Lẹ́ńtìlì kì í ṣe ohun ọ̀gbìn ilẹ̀ wa. Ẹ̀wà ni tiwa, ilẹ̀ Áfíríkà gan-an ni ó sì ti ṣẹ̀. Ibi tí ọ̀rọ̀ náà ti ń dùn mí nìyí: ní ìjọba ìbílẹ̀ Akínyẹlé, kí ènìyàn tó dé Mọ́níyà, ni ilé ìwádìí ohun ọ̀gbìn IITA wà. Ọdún 1967 ni wọ́n dá a sílẹ̀. Irúgbìn ẹ̀wà tí ó ju oríṣi 15,000 lọ, láti orílẹ̀-èdè púpọ̀, ni wọ́n kó pamọ́ síbẹ̀. Àká ẹ̀wà ayé wà lẹ́yìnkùlé wa, ọmọ wa sì ń fi ata jẹ ìrẹsì.

Mo mọ ohun tí àwọn ènìyàn yóò wí.

Èkíní, wọn yóò ní ẹ̀wà wọ́n. Wọn kò purọ́. Ìṣirò NBS, àjọ ìjọba àpapọ̀, fi hàn pé láàárín oṣù Kẹwàá 2023 sí oṣù Kẹwàá 2024, owó kílò ẹ̀wà kan ju ìlọ́po mẹ́ta lọ. Ní 2025 ó wálẹ̀, àmọ́ ọ̀pọ̀ ilé tí wọ́n ti jáwọ́ nínú rẹ̀ kò padà sí i. N kò ní kí ẹ se odidi ìkòkò ẹ̀wà. Dẹ́rìkà ẹ̀wà kan sí dẹ́rìkà ìrẹsì méjì ti tó fún ilé. Bí a bá kó owó ẹlẹ́rìndòdò tí à ń rà lọ́sẹ̀ jọ, á ti ṣe díẹ̀ níbẹ̀.

Èkejì, wọn yóò ní ẹ̀wà ń jẹ igi, ó ń jẹ gáàsì. Ẹ̀kẹta, wọn yóò ní ó ń kún àwọn nínú. Oògùn méjèèjì kan náà ni: ẹ bó o. Àwa ará Ìbàdàn tí à ń se gbẹ̀gìrì, ta ni yóò kọ́ wa bí a ti ń bó ẹ̀wà? Ẹ̀wà bíbó kì í pẹ́ lórí iná, kì í sì í dani nínú rú bí eléèpo.

Báyìí ni a ṣe ń sè é nílé mi. A ó rẹ ẹ̀wà sínú omi fún bí ogún ìṣẹ́jú, a ó fọwọ́ ra á kí èèpo rẹ̀ bọ́, a ó sì da èèpo náà nù pẹ̀lú omi rẹ̀. A ó gbé e kaná pẹ̀lú àlùbọ́sà. Ẹ má fi káún sí i. Ẹ̀wà bíbó kò nílò rẹ̀, káún a sì máa ba nínú ohun rere tó wà nínú ẹ̀wà jẹ́. Bí ó bá ti rọ̀, a ó fi ìjábẹ̀ jà á díẹ̀, kí omi rẹ̀ lè ki bíi gbẹ̀gìrì, ṣùgbọ́n kí ẹ̀wà díẹ̀ ṣì hàn nínú rẹ̀. Nígbà náà ni a ó da ìrẹsì tí a ti ṣàn sí i, a ó bu omi sí i kí ó bò ó dáadáa, nítorí ọbẹ̀ ni a fẹ́ kí ó jẹ́, a kò fẹ́ kí ó gbẹ. Lẹ́yìn náà ni ata lílọ̀, irú, edé tàbí ẹja gbígbẹ tí a ti gún, epo pupa ṣíbí ìsebẹ̀ kan, àti iyọ̀. Kí a máa rò ó kí ó má jóná nísàlẹ̀. Bí ìrẹsì bá ti jiná, a ó da ẹ̀fọ́ tẹ̀tẹ̀ tàbí ṣọkọ̀ tí a ti rẹ́ sí i, a ó sì sọ̀ ọ́ kalẹ̀. Ẹ lè fi mí rẹ́rìn-ín pé mo da ìrẹsì sínú gbẹ̀gìrì. Ẹ fún ọmọ yín jẹ ná.

Ẹ̀kẹrin ni májèlé, èyí kì í sì í ṣe ọ̀rọ̀ ẹ̀rín. Àwọn kan ń fi apakòkòrò dichlorvos, tí ọ̀pọ̀ ènìyàn mọ̀ sí Sniper, pa kòkòrò inú ẹ̀wà. Nítorí oògùn yìí ni àwọn orílẹ̀-èdè Yúróòpù ṣe kọ ẹ̀wà gbígbẹ láti Nàìjíríà ní 2015. Ní 2019, NAFDAC fòfin de títa ìgò kékeré rẹ̀ káàkiri ọjà. Nítorí náà, ọwọ́ ẹni tí ẹ mọ̀ ni kí ẹ ti máa ra ẹ̀wà. Ẹ má sá fún ẹ̀wà tí kòkòrò díẹ̀ ti dá lu, ṣíṣà ni a ó ṣà á. Ẹ̀yin tí ẹ ń tọ́jú rẹ̀ pamọ́, ẹ sá a kí ó gbẹ dáadáa, ẹ rọ ọ́ kún dé ẹnu sínú kẹ́ẹ̀gì mímọ́ tí kò gba epo bẹntiróòlù tàbí oògùn rí, kí ẹ sì dé e pinpin. Kòkòrò kò lè gbé níbi tí kò ti rí afẹ́fẹ́ mí. Bí àpò onípele mẹ́ta tí wọ́n ń pè ní PICS ti ń ṣiṣẹ́ náà nìyẹn.

Ẹ̀yin bàbá, ó kù sí yín lọ́wọ́. Wọ́n tọ́ wa dàgbà pé ẹran àti ẹyin ń kọ́ ọmọdé lólè, nítorí náà ẹran ńlá jẹ́ ti baálé, omi ọbẹ̀ sì jẹ́ ti ọmọ. Àìtó ni ó ń kọ́ ọmọ lólè, kì í ṣe ẹran. Bí ẹ kò bá tíì lè pín ẹran dọ́gba, ẹ jẹ́ kí ẹ̀wà pọ̀ nínú ìkòkò, kí ẹ sì kọ́kọ́ bu ti ẹni tí ó kéré jù, láti ìsàlẹ̀ níbi tí ó ti ki.

Wàyí o, ẹ jẹ́ kí n padà sọ́dọ̀ àwa tí à ń pín nǹkan. Nígbà tí Dáfídì àti àwọn ènìyàn rẹ̀ sá wọ aginjù, ìwé Sámúẹ́lì Kejì, orí 17, sọ ohun tí Barsíláì àti àwọn méjì mìíràn gbé wá fún wọn. Wọn kò gbé ọkà nìkan wá. Ẹ̀wà àti lẹ́ńtìlì wà níbẹ̀, oyin wà níbẹ̀, àgùntàn wà níbẹ̀. Wọ́n ro ohun tí ara ẹni tí ó ti rẹ̀ nílò. Àwa ńkọ́? Ìrẹsì ni à ń pín lọ́dọọdún, nítorí pé ìrẹsì ni ó ń dùn ún wò nínú àpò.

Ẹnìkan lè wí pé ẹ̀wà kì í ṣe oúnjẹ ọdún. Ọdún á kọjá, ọmọ á kù. Ohun tí mo dábàá ni pé, bí ó bá jẹ́ kóńgò ìrẹsì mẹ́rin ni à ń fún ilé kan, kí ó di mẹ́ta, kí kóńgò ẹ̀wà kan sì rọ́pò ìkẹrin. Bí owó wọn kò bá dọ́gba, a ó dá èyí tó kù. Kí àwọn ìyá nínú ìjọ sì lọ bá wọn se ìkòkò àkọ́kọ́, kí ẹnikẹ́ni má baà sọ pé igi ni yóò tán.

Ẹ̀yin tí ẹ ní oko ní Akínyẹlé, Lágelú, Ẹ̀gbẹ́dá àti Ọ̀nà-Àrà, ìparí oṣù Kẹjọ sí oṣù Kẹsàn-án ni à ń gbin ẹ̀wà níhìn-ín, kí ó lè gbẹ nígbà tí òjò bá ń lọ. Oríṣi kan wà tí ó ń gbó láàárín 60 sí 70 ọjọ́. Èyí tí a bá gbìn ní oṣù Kẹsàn-án, a ó ti ká a kí Kérésìmesì tó dé. Kí olúkúlùkù ya ebè díẹ̀ sọ́tọ̀, kí ó sì mú kóńgò kan wá sí ìjọ nínú oṣù Kejìlá. A ó rọ ọ́ sínú kẹ́ẹ̀gì, a ó dé e pinpin, a ó sì gbé e lọ pẹ̀lú ìrẹsì náà. Ilé Ìyá Ìbejì ni kí á ti kọ́kọ́ yà.